Òróró àti fínígà lórí sàláàdì: ṣíbí ni kí ẹ mú, ẹ gbé ìgò sílẹ̀

Ìyá Ìbejì, ẹ kú ìtọ́jú bàbá o. Ẹ ní dókítà ti ní kí wọ́n dín iyọ̀ àti ọ̀rá kù nítorí ẹ̀jẹ̀ ríru, lẹ bá kó sàláàdì kíríìmù kúrò nílé, ẹ da òróró àti fínígà sórí létúùsì. Bàbá tọ́ ọ wò, wọ́n ní ó kan gógó, nígbà tí wọ́n sì dé ìdí àwo, òróró lásán ni wọ́n bá níbẹ̀. Ẹ wá ń bèèrè bóyá bí wọ́n ṣe ń jẹ ẹ́ nìyẹn. Rárá o. Èmi ń se oúnjẹ òde ní Ìbàdàn, ọkọ tèmi náà sì ní ẹ̀jẹ̀ ríru, nítorí náà nǹkan yìí ti pẹ́ lọ́wọ́ mi, lóde àti nílé.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ èyí tí kò dùn-ún gbọ́. Ṣíbí ìjẹun kan òróró, ìbáà jẹ́ ti ólífì olówó gọbọi, ìbáà jẹ́ ti ẹ̀pà, ó ní nǹkan bí 120 kálórì, ọ̀rá inú rẹ̀ sì tó gíráàmù 14. Mayonnaise pàápàá kì í sábà ju 100 kálórì lọ fún ṣíbí kan. Ẹni tó bá wá lé kíríìmù jáde, tó sì ń da òróró láti ẹnu ìgò nítorí pé wọ́n ní ó ń ṣe ara lóore, kò tíì ṣe nǹkan kan. Ohun tó fi sàn ni pé òróró tó dára kò ní ọ̀rá tó ń dì púpọ̀ (èyí tí àwọn dókítà ń pè ní saturated fat), ẹ̀yin fúnra yín lẹ ń wọn iyọ̀ àti ṣúgà tó wọ inú rẹ̀, ó sì ń ṣàn: díẹ̀ á ká gbogbo ewé. Kíríìmù máa ń jókòó sójú kan ni, èèyàn á sì tún bu òmíràn lé e.

Àwọn kan á ní kí ẹ yọ òróró kúrò pátápátá, kí ẹ fi fínígà nìkan jẹ ẹ́. Èmi ò bá wọn dé ibẹ̀. Ohun tó ń mú kárọ́ọ̀tì pọ́n, tí ara ń sọ di fítámì A, inú ọ̀rá ló ń yòrò sí. Ní ọdún 2004, àwọn olùwádìí ní Iowa State University ní Amẹ́ríkà fún àwọn èèyàn ní sàláàdì, nígbà kan láìsí òróró rárá, nígbà kan pẹ̀lú díẹ̀, nígbà kan pẹ̀lú púpọ̀. Nígbà tí wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ wọn wò, àwọn èròjà yẹn fẹ́rẹ̀ẹ́ má wọ ara wọn rárá lọ́jọ́ tí kò sí òróró. Òróró gbọ́dọ̀ wà, kó sáà ti níwọ̀n.

Òróró wo? Èyí tí owó yín bá ká. Ti ólífì dára, ṣùgbọ́n òróró ẹ̀pà tó mọ́ náà ń ṣiṣẹ́, ọ̀rá tó ń dì nínú àwọn méjèèjì kò pọ̀. Òróró àgbọn tí gbogbo ayé ń pariwo rẹ̀ yìí, ọ̀rá tó ń dì lé ní ìdá mẹ́jọ nínú mẹ́wàá rẹ̀; ẹ gbé e sínú fíríìjì, ẹ ó rí i bó ṣe máa le gbagidi. Epo pupa, nǹkan bí ìdajì, ẹ jẹ́ kó wà fún ọbẹ̀. Ohun tó ṣe pàtàkì jù ni pé kí òróró má tíì bàjẹ́. Oòrùn àti atẹ́gùn ló ń ba òróró jẹ́, àwọn ìgò tó sì ń dán yanran níwájú ìsọ̀ láti àárọ̀ ṣúlẹ̀, ojú oòrùn ni wọ́n wà. Ẹ ní kí ìyá olóróró ṣí i, kí ẹ gbóòórùn rẹ̀. Tó bá ń rùn bí ẹ̀pà tó ti pẹ́ nínú àpò, ẹ dá a padà. Nínú ọbẹ̀, ata á bò ó. Lórí ewé tútù, kò sí ohun tó máa bò ó. (Ìgò òróró ólífì kékeré tó wà nídìí Bíbélì ńkọ́? Bí wọ́n bá kọ ọ́ sí i lára pé fún jíjẹ ni, tí ọjọ́ rẹ̀ kò sì tíì kọjá, ẹ jẹ ẹ́. Ṣùgbọ́n òmíràn wà tí wọ́n ń tà lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì tó jẹ́ pé lọ́fínńdà wà nínú rẹ̀. Ìyẹn kì í ṣe oúnjẹ.)

Ní ti fínígà, ẹ wo ara ìgò: èyí tó wà fún jíjẹ sábà máa ń ní ásíìdì ìdá 4 sí 5 nínú ọgọ́rùn-ún. Ti èso ápù rọ̀ lẹ́nu díẹ̀ ju funfun lọ, òun ni mo ń lò fún àgbà. Bí fínígà kò bá sí, ẹ fún ọsàn wẹ́wẹ́. Mo tilẹ̀ fẹ́ràn rẹ̀ jù lórí kùkúńbà.

Ó wá ku pípò, ibẹ̀ ni gbogbo ọ̀rọ̀ wà. Ẹ wá ìgò jáàmù tí ọmọrí rẹ̀ le dáadáa. Fún èèyàn mẹ́ta, ṣíbí ìjẹun kan fínígà ló kọ́kọ́ wọlé, òróró ṣì ń dúró. Ẹ bu iyọ̀ sí i, ìwọ̀n tí orí ìka méjì lè mú, kí ẹ rò ó títí hóró iyọ̀ kò fi ní dún ní ìdí ìgò mọ́. Iyọ̀ kì í yòrò nínú òróró. Bí òróró bá ṣáájú, iyọ̀ á jókòó sísàlẹ̀, ẹni tó kọ́kọ́ bù ú á jẹ ẹ́ ní àtẹ́, ẹni ìkẹyìn á jẹ iyọ̀, àwọn méjèèjì á sì tún bèèrè iyọ̀ sí i. Fún ẹlẹ́jẹ̀ ríru, ọ̀rọ̀ kékeré kọ́ nìyẹn. Àjọ Ìlera Àgbáyé ní iyọ̀ àgbàlagbà fún odidi ọjọ́ kan kò gbọdọ̀ tó gíráàmù 5, ìyẹn kò kún ṣíbí tíì kan, búrẹ́dì àárọ̀ àti màgí inú ọbẹ̀ sì wà nínú ìṣirò yẹn.

Lẹ́yìn iyọ̀, mo máa ń gé àlùbọ́sà pupa tín-ín-rín sínú fínígà yẹn, kí n fi sílẹ̀ fún bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ẹ máa wò ó: etí àlùbọ́sà á rọ̀, pupa ara rẹ̀ á máa ṣàn jáde títí gbogbo fínígà á fi pọ́n fẹ́ẹ́rẹ́, títa rẹ̀ á sì lọ sílẹ̀. Adùn tí mo ń rí níbí ni kì í jẹ́ kí n wá iyọ̀ kún iyọ̀. Lẹ́yìn náà, iyèré lílọ̀ díẹ̀, àti ìdajì ṣíbí tíì mọ́sítáàdì. Mọ́sítáàdì ló ń mú kí òróró àti fínígà gba ara wọn láyè. Láìsí i, wọ́n á ti pínyà kí ẹ tó gbé e dé orí tábìlì. Iyọ̀ wà nínú mọ́sítáàdì náà o, torí náà ẹ rántí rẹ̀ nígbà tí ẹ bá ń bu iyọ̀. Tí bàbá bá ṣì ń ráhùn pé ó kan, ẹ fi ìdajì ṣíbí tíì oyin sí i. Àwọn ìbejì yín, bí wọn kò bá tíì pé ọdún kan, ẹ má fi oyin kàn wọ́n lẹ́nu rárá.

Ìgbà yìí ni òróró tó wọlé, ṣíbí ìjẹun méjì. Mẹ́ta sí fínígà kan ni àwọn Faransé sábà máa ń wọ̀n ọ́n, ṣùgbọ́n nígbà tí àlùbọ́sà ti wà níbẹ̀, méjì tó. Ẹ dé e pa, ẹ mì í jìgìjìgì títí òróró kankan kò fi ní léfòó mọ́, tí á ki díẹ̀, tí á sì ṣú bí omi ògì. Ẹ má fi ìka tọ́ ọ wò. Ẹ ki ewé létúùsì kan bọ̀ ọ́, ẹ gbọ̀n ọ́n, kí ẹ jẹ ewé náà. Lórí ìka, ó máa ń kan ju bó ṣe rí gan-an lọ, ẹ ó wá máa bu oyin sí i lásán.

Mo fura pé ara ewé ni ti bàbá ti bàjẹ́ jù. Òróró kì í lẹ̀ mọ́ ewé tí omi ṣì wà lára rẹ̀, ṣe ló ń yọ̀ kúrò lọ kó sí ìdí àwo. Ẹ fọ ewé lọ́kọ̀ọ̀kan lábẹ́ omi tó mọ́ tó ń ṣàn, pàápàá létúùsì tí a kò mọ irú omi tí wọ́n fi rin ín lóko. Ẹ má rò pé fínígà tí a pò á bá yín fọ̀ ọ́. Lẹ́yìn náà, mo máa ń kó o sínú aṣọ òwú tó mọ́, kí n di ẹnu rẹ̀ pọ̀, kí n lọ sí ẹ̀yìnkùlé, kí n fì í yípo títí omi kò fi ní ta jáde mọ́. Àwọn ọmọ mi fẹ́ràn iṣẹ́ yẹn ju fífọ abọ́ lọ.

Kábéèjì àti kárọ́ọ̀tì, ẹ da tiwọn sí i ní bí ìdajì wákàtí ṣáájú oúnjẹ, kó lè rọ̀, kí eyín àgbà lè ràn án. Létúùsì àti kùkúńbà, àfi tí àwo bá ti dé iwájú ẹni tó fẹ́ jẹun, nítorí iyọ̀ á fa omi inú wọn jáde, wọ́n á sì rọ jọ̀bọ̀jọ̀bọ̀. Ẹ̀wà inú agolo tí a máa ń kó sí sàláàdì wa, ẹ dà á sínú asẹ́, ẹ fi omi ṣan ọbẹ̀ ara rẹ̀ kúrò. Iyọ̀ àti ṣúgà wà níbẹ̀, kò sì sí èrè nínú kí a lé kíríìmù lọ kí a fi ìyẹn sílẹ̀.

Aáyù dára nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ má ṣe rẹ aáyù tútù sínú òróró lásán kí ẹ wá gbé e kalẹ̀ sí ilé ìdáná. Kòkòrò àìfojúrí tó ń fa botulism, ìyẹn májèlé inú oúnjẹ tó ń rọ èèyàn lápá lẹ́sẹ̀, máa ń gbilẹ̀ níbi tí atẹ́gùn àti ásíìdì kò bá sí, òórùn oúnjẹ náà sì lè má yí padà. Ní ọdún 1985, èèyàn 36 ló kó o nílé oúnjẹ kan ní Vancouver, ní Kánádà, látinú aáyù gígé tó wà nínú òróró. Fínígà wà nínú tiwa, kò rí bákan náà, síbẹ̀ èyí tí mo bá fi aáyù sí, inú fíríìjì ló ń gbé, kì í sì í kọjá ọjọ́ mẹ́rin. Bí àwọn oníná bá mú iná lọ láti àná, mo dà á nù. Òróró ólífì tó bá dì nínú fíríìjì kò bàjẹ́, ẹ gbé e síta kí oúnjẹ tó délẹ̀, kí ẹ tún mì í.

Ẹ ní ẹnì kan sọ pé kí bàbá máa mu fínígà láràárọ̀ kí wọ́n lè já oògùn sílẹ̀. Ẹ má gbà o. Lóòótọ́, lọ́dún 2004 kan náà, ìwádìí láti Arizona State University fi hàn pé fínígà ran àwọn tí ara wọn kì í gbọ́ ti insulin (èròjà ara tó ń darí ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀) dáadáa lọ́wọ́ lẹ́yìn oúnjẹ. Ọ̀rọ̀ ṣúgà nìyẹn, oúnjẹ kan ṣoṣo ni wọ́n sì wò. Fínígà tí a kò bomi là máa ń jẹ eyín, ó sì ń jó ọ̀nà ọ̀fun. Kí bàbá máa lo oògùn wọn.

Ní ti ọjọ́ ìbí bàbá tí ẹ ní àlejò á tó àádọ́ta, ṣíbí ìjẹun kan fún ẹnì kọ̀ọ̀kan ni kí ẹ fi ṣírò: mìlílítà 500 òróró, 250 fínígà, iyọ̀ ṣíbí tíì kan àtààbọ̀. Ìgò wáìnì á gbà á, ṣùgbọ́n á kún dé ẹnu, kò ní ṣe é mì, torí náà ẹ wá ìgò lítà kan. Ẹ má dà á sórí sàláàdì láti ilé. Ẹ fi ọmọ kan tí apá rẹ̀ le tì í, kó máa mì í kó tó bu ti tábìlì kọ̀ọ̀kan. Ti bàbá, ẹ pò ó lọ́tọ̀ sínú ìgò kékeré láìfi iyọ̀ kankan sí i. Àlùbọ́sà, iyèré àti ọsàn wẹ́wẹ́ díẹ̀ á gbé e.