Ìṣákọ́lẹ̀: ṣé ẹni tó ń san án lè sọ pé ilẹ̀ ti di tòun?

Ìbéèrè tó wà nílẹ̀ ni pé: bàbá àgbà ẹnì kan gba ilẹ̀ dáko kòkó lọ́wọ́ ìdílé kan ní ìgbèríko Ifẹ̀. Ọdọọdún ni wọ́n ń gbé ìṣákọ́lẹ̀ lọ. Bàbá àgbà ti kú, bàbá náà ti kú, àwọn àbúrò sì ń sọ pé òfin ìjọba ti pa ìṣákọ́lẹ̀ rẹ́, ilẹ̀ ti di ti àwọn. Ó fẹ́ mọ̀ bóyá òótọ́ ni, àti ohun tí ìṣákọ́lẹ̀ túmọ̀ sí gan-an.

Kì í ṣe òótọ́ o, àwọn tó sì gba irú ọ̀rọ̀ báyìí gbọ́ ti fi oko ńlá ṣòfò ní kóòtù.

Ìṣákọ́lẹ̀ ni ohun tí ẹni tó gba ilẹ̀ dáko ń gbé fún onílẹ̀ lọ́dọọdún, kí ó lè hàn pé ó ṣì mọ ẹni tó ni ilẹ̀. Kí kòkó tó gbòde, nǹkan díẹ̀ ni: iṣu nígbà tí iṣu tuntun bá jáde, epo pupa, ẹmu, tàbí itan ẹran ìgbẹ́. Kò sẹ́ni tó ń gbé e sórí ìwọ̀n. Ilẹ̀ pọ̀ nígbà náà, èèyàn ló wọ́n, onílẹ̀ fúnra rẹ̀ sì ń fẹ́ kí àlejò wá tẹ̀dó, nítorí èèyàn ni ìlú. Ìgbà tí kòkó di owó ni ìṣákọ́lẹ̀ di àpò kòkó, tó tún di owó tí wọ́n ń bu lé èèyàn lórí. Lójú tèmi, ibẹ̀ ni ìjà ti bẹ̀rẹ̀. Ohun tí bàbá àgbà kà sí ọ̀wọ̀, ọmọ-ọmọ rẹ̀ ń kà á sí owó orí.

Òfin tí àwọn àbúrò ń tọ́ka sí ni Òfin Ìlò Ilẹ̀ ti ọdún 1978. Abala 36 rẹ̀ ní kí ẹni tó ní ilẹ̀ oko ìgbèríko tàbí ẹni tó wà lórí rẹ̀ kí òfin náà tó dé máa lò ó lọ, bí ẹni pé ìjọba ìbílẹ̀ ló fún un. Ọ̀pọ̀ àgbẹ̀ gbọ́ èyí, wọ́n sì dáwọ́ ìṣákọ́lẹ̀ dúró. Ní Ifẹ̀ àti Modákẹ́kẹ́, ọ̀rọ̀ yìí wà lára ohun tó ń fẹ́ iná sí ìjà tó ti wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀, títí ó fi gbẹ̀mí èèyàn ní 1981 àti láàárín 1997 sí 2000. Ṣùgbọ́n nínú ẹjọ́ Abioye àti Yakubu ní 1991, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ní Nàìjíríà sọ pé òfin náà kò gba ẹ̀tọ́ ilẹ̀ kúrò lọ́wọ́ onílẹ̀ kó wá gbé e fún ẹni tó gba ilẹ̀ dáko. Bí ó ti wà tẹ́lẹ̀ náà ló ṣì wà.

Èyí kò sọ pé onílẹ̀ lè kàn jí lọ́jọ́ kan kó lé yín. Ní 1974, nínú ẹjọ́ Aghenghen àti Waghoreghor, ilé ẹjọ́ kan náà là á sílẹ̀ pé ẹni tó ń san ìṣákọ́lẹ̀ kì í ṣe ẹni tó yá ilẹ̀ fún ọdún méjì mẹ́ta. Títí ayé ló wà fún un, bó bá ṣáà ti ń hùwà dáadáa. Àwọn ọmọ rẹ̀ á jogún oko náà. Kòkó tó gbìn jẹ́ tirẹ̀. Bí onílẹ̀ bá fẹ́ gba ilẹ̀ padà, kóòtù ló gbọ́dọ̀ lọ. Kò lè kó àwọn ọ̀dọ́ wá fi àdá gé kòkó lulẹ̀. Kóòtù náà kì í sì í yára gba ilẹ̀ lọ́wọ́ èèyàn. Nígbà mìíràn, wọ́n á ní kó tọrọ àforíjì kó sì san nǹkan, kó padà sóko rẹ̀.

Ìwà wo wá ni kò dáa? Èyí tó burú jù ni kí ẹ sọ pé ẹ̀yin lẹ ni ilẹ̀, tàbí kí ẹ lọ jẹ́rìí pé ìdílé mìíràn ló ni ín. Èyí tó tẹ̀ lé e ni kí ẹ gé lára ilẹ̀ tà, tàbí kí ẹ fún àlejò mìíràn láìsọ fún onílẹ̀. Lóde òní, títa yẹ̀pẹ̀ ilẹ̀ náà fún àwọn onítípà wà lára ìwà tí kò dáa yìí. Ọ̀pẹ tí ẹ bá nílẹ̀, ti onílẹ̀ ni ní ọ̀pọ̀ ibi, ẹ má kọ ọ́ láìgbàṣẹ. Bí ẹ bá fẹ́ kọ́ ilé onísìmẹ́ńtì tàbí sin òkú sóko, ẹ bi wọ́n kí ẹ tó ṣe é. Gbèsè ìṣákọ́lẹ̀ ọdún kan lásán kò tó nǹkan tí wọ́n á fi gba oko, ṣùgbọ́n tí ẹ bá fẹnu ara yín sọ pé ẹ ò ní san mọ́ torí ẹ̀yin lẹ ni ilẹ̀, ọ̀rọ̀ ti yí padà nìyẹn.

Bí ìjọba bá fẹ́ la ọ̀nà gba oko kọjá ńkọ́? Abala 29 òfin kan náà ní kí wọ́n san owó ohun ọ̀gbìn tó wà lórí ilẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ gbìn ín lẹ máa gba owó kòkó yín, kì í ṣe onílẹ̀. Ẹ tètè ka igi yín, kí ẹ sì wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí àwọn tó ń wọn ilẹ̀ fún ìjọba bá dé, torí àwọn kan máa ń forúkọ ara wọn sílẹ̀ fún oko tí wọn kò dá.

Tí ẹ bá ń san án, olórí ẹbí tó ni ilẹ̀ tàbí ẹni tó rán ní gbangba ni kí ẹ máa san án fún. Ọmọ onílẹ̀ tó dá nìkan wá bá yín lóko pé kí ẹ mú tòun wá, ẹ ní kó ṣíwájú, kí ẹ jọ lọ bá bàbá nílé. Kí ẹlẹ́rìí wà níbẹ̀, kí ẹ sì gba rìsíìtì. Ẹ sọ fún àwọn àbúrò yín pé rìsíìtì náà ló máa gbèjà wọn bí ìdílé mìíràn bá dìde lọ́la pé àwọn ló ni ilẹ̀, torí onílẹ̀ tó ń gba ìṣákọ́lẹ̀ lọ́wọ́ yín ló gbọ́dọ̀ wá dúró tì yín ní kóòtù.