Ìbéèrè Yín, Ìdáhùn Wa: Nicodemus, ìlú ènìyàn mẹ́rìnlá ní Kansas

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olóòtú wa. Àbúrò mi tó ń kàwé ní ìpínlẹ̀ Kansas ní Amẹ́ríkà fi àwòrán ilé olókùúta kan ránṣẹ́ sí mi. Ó ní Nicodemus ni orúkọ ìlú tí ilé náà wà, pé àwọn aláwọ̀ dúdú tó bọ́ lóko ẹrú ló tẹ̀ ẹ́ dó, àti pé ènìyàn mẹ́rìnlá péré ló kù níbẹ̀. Àwa tí a jọ ń gbé inú ọgbà kan ní Kubwa níbí ju mẹ́rìnlá lọ. Ṣé ìlú ni a ṣì ń pe irú ibẹ̀? Níbo gan-an ló wà, báwo ni wọ́n ṣe tẹ̀ ẹ́ dó, kí ló sì kó àwọn ènìyàn rẹ̀ lọ? Òǹkàwé yín, Kubwa, Abuja.

ÌDÁHÙN: Òótọ́ ni àbúrò yín sọ. Nínú ìkànìyàn ọdún 2020, ènìyàn 14 ni wọ́n kà níbẹ̀. Ìhà àríwá-ìwọ̀-oòrùn Kansas ni Nicodemus wà, ní àgbègbè Graham, nítòsí odò Solomon, lójú títì ńlá tó ti Stockton lọ sí Hill City. Ẹni tó bá ti gba ọ̀nà Zaria lọ sí Kano nígbà ọyẹ́, tó rí bí ilẹ̀ ṣe tẹ́ lọ rẹrẹ títí ojú kò fi tó òpin rẹ̀ mọ́, ti rí ohun tó jọ ọ́ díẹ̀. Kí onítọ̀hún kàn yọ púpọ̀ nínú igi ojú ọ̀nà yẹn kúrò, kí ó sì fi òtútù tó ń sọ omi di yìnyín kún un. Ọkà bàbà, tí àwọn ará àríwá ń pè ní dáwà, ń ṣe dáadáa ní Kansas débi pé ìpínlẹ̀ náà ló ń mú un jáde jù lọ ní gbogbo Amẹ́ríkà. Ilẹ̀ Áfíríkà wa níbí ni ọkà yìí sì ti ṣẹ̀.

Ọdún 1877 ni wọ́n tẹ ìlú náà dó. Ogun abẹ́lé Amẹ́ríkà ti parí ní 1865, òfin sì ti fòpin sí oko ẹrú, ṣùgbọ́n púpọ̀ nínú àwọn tí wọ́n dá sílẹ̀ ní gúúsù kò ní ilẹ̀ kankan. Oko àwọn ọ̀gá wọn àtijọ́ ni wọ́n tún padà sí, tí wọ́n ń dáko pín, tí gbèsè kò sì jẹ́ kí wọ́n gbérí. Ní 1877 yìí kan náà ni ìjọba àpapọ̀ kó àwọn ọmọ ogun tó ń dáàbò bò wọ́n kúrò, ìyà wọn sì tún pọ̀ sí i. Ní Kansas ẹ̀wẹ̀, òfin ọdún 1862 kan wà tó fún ẹnikẹ́ni tó bá san owó ìforúkọsílẹ̀ díẹ̀, tó gbé orí ilẹ̀ fún ọdún márùn-ún, tó sì dáko síbẹ̀, ní àǹfààní láti gba ilẹ̀ eékà 160. Òjíṣẹ́ Ọlọ́run aláwọ̀ dúdú kan, W. H. Smith, àti òyìnbó kan tó ń ṣòwò ilẹ̀, W. R. Hill, pẹ̀lú àwọn aláwọ̀ dúdú mélòó kan, dá ẹgbẹ́ ìtẹ̀lúdó sílẹ̀, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í pe àwọn ènìyàn Kentucky pé kí wọ́n máa bọ̀. Ẹ ó rántí Nikodémù inú Bíbélì tó tọ Jésù lọ lóru. Àmọ́ àwọn ìran ìlú náà a máa sọ pé orúkọ ẹrú kan nínú ìtàn ni, ẹni tó fi owó ra ara rẹ̀ padà.

Nǹkan bí ènìyàn 300 dé láti Kentucky ní oṣù kẹsàn-án ọdún náà. Rélùwéè gbé wọn dé Ellis, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti fẹsẹ̀ rìn fún nǹkan bí ọjọ́ méjì. Ilé kò sí, igi tí wọn ì bá fi kọ́ ọ kò sí, ihò ni wọ́n sì gbẹ́ sí ara òkè bí ehoro tí wọ́n ń gbé inú rẹ̀. Obìnrin kan tó ń jẹ́ Willianna Hickman, tó bá ọkọ rẹ̀ dé ní ìgbà ìrúwé ọdún 1878, ròyìn ohun tó rí. Nígbà tí wọ́n ní àwọn ti dé Nicodemus, ó wò títí, kò rí ilé kan, ó sì béèrè pé níbo ni Nicodemus wà. Ọkọ rẹ̀ nawọ́ sí èéfín tó ń rú jáde láti inú ilẹ̀, ó ní ibẹ̀ nìyẹn. Obìnrin náà bú sẹ́kún. Èmi kò lè ka ọ̀rọ̀ yìí kí ó má dùn mí, nítorí ẹni tó ti kó ọmọ àti ẹrù dé ilẹ̀ àjèjì ní alẹ́ ọjọ́ kìíní mọ ẹkún yẹn.

Ọ̀pọ̀ ìdílé yí padà. Àwọn tó dúró rí ìrànlọ́wọ́ ní ìgbà òtútù àkọ́kọ́ lọ́wọ́ àwọn Osage, ẹ̀yà onílẹ̀, tí wọ́n ń ti ọdẹ bọ̀ tí wọ́n sì fún wọn nínú oúnjẹ wọn. Ẹṣin kò pọ̀ nílẹ̀, ọkọ́ àti ṣọ́bìrì ni wọ́n fi túlẹ̀. Síbẹ̀, kí ọdún mẹ́wàá tó pé, wọ́n ti ní ṣọ́ọ̀ṣì, ilé ẹ̀kọ́, òtẹ́ẹ̀lì, báǹkì àti ìwé ìròyìn. Edward P. McCabe tó wá fìdí kalẹ̀ síbẹ̀ ni wọ́n dìbò yàn ní 1882 sí ipò ayẹ̀wé-owó-wò gbogbo ìpínlẹ̀ Kansas, ipò tí aláwọ̀ dúdú kan kò dé irú rẹ̀ rí ní ìpínlẹ̀ náà.

Ìbéèrè yín tó kẹ́yìn ló ká mi lára jù: kí ló kó wọn lọ? Rélùwéè ni. Ní 1887, àwọn ará ìlú dìbò láti yá owó dọ́là 16,000 fún ilé iṣẹ́ rélùwéè kan kí ojú irin lè gba ọ̀dọ̀ wọn kọjá, ṣùgbọ́n ilé iṣẹ́ náà kò wá. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ilé iṣẹ́ mìíràn gbé ojú irin tirẹ̀ gba òdìkejì odò, ìlú tuntun kan, Bogue, sì hù síbẹ̀. Àwọn oníṣọ̀ọ́bù di ẹrù wọn, wọ́n sọdá odò. Àwọn àgbà wa tó ṣiṣẹ́ rélùwéè ní Minna àti Kafanchan kò nílò àlàyé: wọ́n fojú ara wọn rí bí ọjà ṣe ń hù níbi tí ọkọ̀ bá ti ń dúró. Lẹ́yìn ìyẹn, ọ̀dá àti ìjì erùpẹ̀ àwọn ọdún 1930 tún lé àwọn àgbẹ̀ lọ, ilé ìfìwéránṣẹ́ sì ti ilẹ̀kùn ní 1953.

Ṣé ìlú ni? Ní tèmi, ìlú ni. Kò ní olórí ìlú tí wọ́n dìbò yàn, kò sì ní ìgbìmọ̀ tirẹ̀, àmọ́ láti 1996 ni ìjọba àpapọ̀ ti sọ ọ́ di ibi ìtàn orílẹ̀-èdè, tí ilé márùn-ún àtijọ́ sì wà lábẹ́ ètò náà. Bí ilé inú àwòrán yín bá jẹ́ gbọ̀ngàn tí wọ́n fi òkúta ẹfun kọ́, a jẹ́ pé gbọ̀ngàn ìlú ni, tí wọ́n parí ní 1939.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ jọ̀ọ́, Kano ni wọ́n bí mi sí, Ògbómọ̀ṣọ́ ni bàbá mi ti wá. Nígbà ìkànìyàn ọdún 2006, àwọn kan nínú ẹbí wa gba ilé lọ kí wọ́n lè kà wọ́n mọ́ ìlú wọn. Ní Amẹ́ríkà, níbo ni wọ́n ti ń ka irú wa? Ìyá Ọlọ́mọge, Sabon Gari, Kano.

ÌDÁHÙN: Ìyá wa, ẹ ṣeun. A fi ìbéèrè yín sísàlẹ̀ ti Kubwa nítorí ọ̀kan náà ni wọ́n. Láti 1790 ni Amẹ́ríkà ti ń ka ènìyàn ní ọdún mẹ́wàá mẹ́wàá, ibi tí ènìyàn ń gbé tó sì ń sùn jù lọ ni wọ́n sì ń kà á sí. Bí Kano bá wà lọ́hùn-ún, Kano ni wọn ì bá ka ẹ̀yin àti àwọn ọmọ yín sí, bí ẹ tilẹ̀ ń kọ́lé sí Ògbómọ̀ṣọ́. Ìdí nìyí tí iye Nicodemus fi kéré tó bẹ́ẹ̀. Ọmọ ìlú náà tó ń ṣiṣẹ́ ní Denver, Denver ni wọ́n kà á sí.

Ṣùgbọ́n ní ìparí oṣù keje lọ́dọọdún, àwọn ọmọ àti ọmọ-ọmọ àwọn tó gbé inú ihò ilẹ̀ máa ń wálé. Àjọ̀dún náà ṣẹ̀ láti inú ìrántí ọjọ́ kìíní oṣù kẹjọ ọdún 1834, ọjọ́ tí òfin tó fòpin sí oko ẹrú ní àwọn ilẹ̀ tó wà lábẹ́ ọba Gẹ̀ẹ́sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Wọ́n ń jọ́sìn, wọ́n ń tò kọjá lójú títì, wọ́n sì ń jẹun pọ̀. Ọgọ́rọ̀ọ̀rún wọn, tí kò sí ọ̀kan nínú wọn tó wà lára mẹ́rìnlá náà, ló máa ń kún àyíká gbọ̀ngàn ọdún 1939 yẹn.