Níbo ni odò Ògùn tó gba Abẹ́òkúta kọjá ti ṣẹ̀, ṣé ó sì dé òkun?

Ó dé òkun, àmọ́ ọ̀sà ló kọ́kọ́ ń wọ̀. Agbègbè Ṣakí ló ti ṣẹ̀. Ó ń ṣàn bọ̀ ní gúúsù títí dé ìtòsí Ìsẹ́yìn, níbi tí wọ́n ti fi dáàmù Ìkẹ̀rẹ̀ sé e. Odò Ọ̀yán náà dà pọ̀ mọ́ ọn kó tó wọ Abẹ́òkúta. Láti ibẹ̀, ó di Ìṣẹrí, ó gba abẹ́ afárá Kárà lójú ọ̀nà Èkó sí Ìbàdàn, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọjà màlúù, kó tó já sínú ọ̀sà Èkó, tí omi rẹ̀ sì ń bá ọ̀sà lọ sí Àtìláńtíìkì.

Tí ẹ bá fẹ́ tọ̀ ọ́, ẹ jọ̀ọ́, ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni kẹ́ ẹ lọ. Tí wọ́n bá ṣí omi dáàmù Ọ̀yán lásìkò òjò, Ìṣẹrí àti Kárà máa ń kún àkúnya.