Dáwódù ń gba owó ilé tí bàbá wa fi sílẹ̀: ta ló ni owó náà?

Ìbéèrè: Àsàlámù alaykum, Aafa. Ó ti pé ọdún 6 tí bàbá wa ti kú. Ó fi ilé oníyàrá 10 sílẹ̀ ní Kábà. Ìyá wa wà láyé. Ọkùnrin 2 àti obìnrin 3 ni àwa ọmọ, Mùsùlùmí ni gbogbo wa, àwọn òbí bàbá wa sì ti ṣaláìsí ṣáájú rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n wa àgbà ń gbé yàrá 2, ó ń gba owó lọ́wọ́ àwọn ayálégbé tó wà nínú 8 tó kù. Ó ní òun ni dáwódù, òun ló ń tún ilé ṣe, àti pé obìnrin kì í jogún ilé. Kò fẹ́ ṣe ìṣirò fún ẹnikẹ́ni. Ọmọ ọdún 11 ni àbúrò wa obìnrin tó kéré jù nígbà tí bàbá kú. Kí ni ẹ̀sìn wí? Ǹjẹ́ a lè ta ilé náà?

Ìdáhùn: Wa alaykum salaam, arábìnrin mi. Láti ọjọ́ tí bàbá yín ti kú ni ilé náà ti di ti ẹ̀yin ajogún lápapọ̀, owó tó ń wọlé lórí rẹ̀ sì ń tẹ̀lé ilé. Bí ìpín ẹnì kan ṣe tó nínú ilé ni ìpín rẹ̀ ṣe tó nínú owó. Dáwódù lè bójú tó ilé, ìyẹn kò sọ ọ́ di onílé. Ní ti pé obìnrin kì í jogún ilé, Súúrà An-Nisá' nínú Kùránì, āya (ẹsẹ) 7, ti dáhùn: ọkùnrin ní ìpín, obìnrin ní ìpín, ìbáà kéré, ìbáà pọ̀. Orí-ò-jorí (kí ọmọ kọ̀ọ̀kan gba iye kan náà) tàbí ìdí-igi (kí a pín in ní iye ìyàwó olóògbé) tí àwọn àgbà ilé máa ń mú wá kò sí nínú ètò yìí.

Kí ẹ tó pín ohunkóhun, gbèsè ló ṣáájú. Bí bàbá kò bá san sàdáàkì (ẹ̀tọ́ ìgbéyàwó) ìyá yín tán, gbèsè ni. Lẹ́yìn gbèsè ni wàsíyà (ohun tí olóògbé ti ní kí wọ́n fún ẹnì kan), tí kò gbọdọ̀ ju ìdá kan nínú 3 lọ, tí kò sì tọ́ sí ajogún kankan àyàfi bí àwọn yòókù bá gbà. Owó sàráà fìdáù ọjọ́ kẹjọ tàbí ogójì ọjọ́ kì í ṣe gbèsè òkú. Ẹni tó ná an kò lè wá yọ ọ́ lára owó ilé láìjẹ́ pé gbogbo ajogún tó ti dàgbà fọwọ́ sí i, nínú ìpín tiwọn nìkan. Ibẹ̀ gan-an ni ọ̀pọ̀ ìjà ti ń bẹ̀rẹ̀.

Ìpín yín kò ṣòro. Āya 12 fún ìyá yín ní ìdá kan nínú 8 nítorí pé bàbá ní ọmọ. Ìdá 7 tó kù jẹ́ tàwọn ọmọ, ọkùnrin gba ìlọ́po méjì obìnrin (āya 11). Ọkùnrin 2 di ìpín 4, obìnrin 3 di ìpín 3. Nítorí náà ẹ pín in sí 8: ìyá 1, ọkùnrin kọ̀ọ̀kan 2, obìnrin kọ̀ọ̀kan 1.

Ẹ jẹ́ ká fi owó ṣe é. Ká ní yàrá kan ń mú ₦75,000 wá lọ́dún. Yàrá 8 jẹ́ ₦600,000. Yàrá 2 tí ẹ̀gbọ́n yín ń gbé náà ní iye, ₦150,000. Ẹ kà á mọ́ ọn, ó di ₦750,000. Bí wọ́n bá ná ₦110,000 láti pààrọ̀ páànù tó ń jò, ó ku ₦640,000, ìpín kan sì jẹ́ ₦80,000. Ẹ̀gbọ́n yín yẹ kó gba ₦160,000, ṣùgbọ́n ó ti fi ibùgbé jẹ ₦150,000, nítorí náà ₦10,000 ló kù fún un lówó. Ìyá gba ₦80,000, àbúrò rẹ̀ ọkùnrin ₦160,000, ẹ̀yin obìnrin mẹ́ta ₦240,000. Gbogbo rẹ̀ jẹ́ ₦490,000, iye tó wà lọ́wọ́ gan-an. Bí ẹ kò bá ka yàrá tó ń gbé mọ́ ọn, á gba ju ẹ̀tọ́ rẹ̀ lọ, kò sì ní dà bíi pé ó ṣe bẹ́ẹ̀.

Ní ti ọdún 6 tó ti kọjá, amánà (ohun tí a fi sí ìkáwọ́ ẹni) ni owó náà lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì gbọ́dọ̀ ṣe ìṣirò. Àtúnṣe tó ṣe dandan, tó ní ẹ̀rí, ẹ yọ ọ́. Owó ọ̀yà fún gbígba owó ilé kò sí àfi bí ẹ bá ti fẹnu kò sí i tẹ́lẹ̀. Àwọn àgbà lè fi tiwọn jì í tinútinú. Ti àbúrò yín kékeré kò ṣeé fi jì: ìyá yín pàápàá kò láṣẹ láti yọ̀ǹda owó ọmọ òrukàn, āya 10 sì le púpọ̀ lórí èyí. Òun fúnra rẹ̀ nìkan ló lè dárí jì, nígbà tó bá ti bàlágà tó sì lóye.

Àwọn ayálégbé tó ti sanwó sílẹ̀ kí bàbá tó kú, ẹ má lé wọn. Ní màsíhàbù (ìlànà òfin ẹ̀sìn) Máálíkì tí à ń tẹ̀lé, ikú onílé kì í fòpin sí àdéhùn.

Ẹ lè tà á. Ṣùgbọ́n ilé oníbalùwẹ̀ kan àti ilé ìdáná kan ṣòro láti là sí méjì, nítorí náà ẹ pe ẹni tó mọ iye ilé, kẹ́ni tó bá lówó nínú yín kọ́kọ́ ra ìpín àwọn yòókù. Ohun àjùmọ̀ní tí a kò tíì pín ní ẹ̀tọ́ ṣúfúà: bí ẹnì kan bá ta ìpín rẹ̀ fún àjèjì, alájùmọ̀ní lè gbà á ní iye kan náà. Ẹ kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ níwájú ẹlẹ́rìí méjì.

Bí ìmáàmù àti àwọn àgbà kò bá lè yanjú rẹ̀, kóòtù lè dá sí i. Ọ̀rọ̀ ogún Mùsùlùmí wà lábẹ́ àṣẹ Kóòtù Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn Ṣàríà ìpínlẹ̀ Kogí.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ tún ń kà á, ní ìlú wa níbi tí ọmọ ìyá kan ti ń lọ mọ́sáláṣí tí èkejì ń lọ ṣọ́ọ̀ṣì: Mùsùlùmí àti ẹni tí kì í ṣe Mùsùlùmí kì í jogún ara wọn, gẹ́gẹ́ bí Ànábì ti wí. Bàbá tó fẹ́ kí irú ọmọ bẹ́ẹ̀ rí nǹkan gbà, kó kọ wàsíyà nígbà tó ṣì wà láyé, láàárín ìdá kan nínú 3.

Ẹ má sì jẹ́ kó pẹ́. Bí ìyá yín bá kú kí ẹ tó pín in, ìpín 1 tirẹ̀ yóò tún di ogún. Bí ó bá ní òbí tó ṣì wà láyé tàbí ọmọ fún ọkọ mìíràn, àwọn náà á wọ inú ilé yẹn, ìṣirò òkè yìí á sì yí padà.