Ṣé fíìmù BBC ló jẹ́ kí ìjọba fòfin de omi ikọ́ oní-kódíìnì? Kí ló kan Ìlọrin níbẹ̀?

Òun ló ṣáná sí i, àmọ́ kì í ṣe òun nìkan. Ìgbìmọ̀ kan ti wà lórí ọ̀rọ̀ náà ṣáájú. Ìparí oṣù Kẹrin 2018 ni BBC gbé fíìmù náà jáde. Ní ọjọ́ kìíní oṣù Karùn-ún, ìjọba ní kò sí pípo omi ikọ́ oní-kódíìnì tàbí kíkó o wọlé mọ́. Kámẹ́rà ìkọ̀kọ̀ ló tú wọn fó: àwọn òṣìṣẹ́ iléeṣẹ́ oògùn ń dúnàádúrà rẹ̀ bí ẹní ń ta bísíkíìtì. Ti Ìlọrin ńkọ́? Iléeṣẹ́ oògùn mẹ́ta ni NAFDAC, àjọ tó ń mójú tó oúnjẹ àti oògùn, tì pa lẹ́yìn náà, Ìlọrin ni méjì wà. Inú ẹ̀dọ̀ wa ni kódíìnì ti ń di morphine, oògùn apàrora tó lágbára, òun ló fi ń di bárakú.