Ẹgbẹ́ tó ṣe ipò kìíní kò gorí àga: báwo ni wọ́n ṣe ń dá ìjọba ìpínlẹ̀ sílẹ̀ ní Jámánì?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀gbọ́n wa agbẹjọ́rò. Erfurt ni mò ń gbé, ní ìpínlẹ̀ Thüringen. Oṣù kẹsàn-án 2024 ni mo kọ́kọ́ dìbò lẹ́yìn tí mo di ọmọ onílùú. Ẹgbẹ́ AfD ló ṣe ipò kìíní, àmọ́ CDU tó ṣe ipò kejì ló ń ṣèjọba, ó sì lé ní oṣù mẹ́ta kó tó gorí àga. Ṣé wọn kò fọwọ́ ọlá gbá àwọn tó dìbò lójú báyìí? Ohun tó jẹ́ kí n béèrè ni pé àbúrò mi tó jẹ́ nọ́ọ̀sì ń retí kí wọ́n fọwọ́ sí ìwé ẹ̀rí rẹ̀ ní ìpínlẹ̀ mìíràn tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ dìbò. Wọ́n ní kó ní sùúrù títí ìjọba tuntun á fi dé. Ṣé lóòótọ́ ni pé kò sí ìjọba níbẹ̀ báyìí?

Ìdáhùn: Ẹ jẹ́ ká ti ọ̀dọ̀ àbúrò yín bẹ̀rẹ̀, torí ọ̀rọ̀ tirẹ̀ ló ń jó.

Kò sí ọjọ́ kan tí ìpínlẹ̀ kan ní Jámánì wà láìní ìjọba. Ní Thüringen tiyín, tí ilé aṣòfin tuntun bá ti jókòó, sáà olórí ìjọba àtijọ́ tán nìyẹn. Àmọ́ òfin ìpìlẹ̀ ìpínlẹ̀ náà pa á láṣẹ fún un pé kó máa bá iṣẹ́ lọ títí ẹni tó máa rọ́pò rẹ̀ á fi dé. Bodo Ramelow ti ẹgbẹ́ Die Linke fìdí rẹmi nínú ìbò ọjọ́ 1 oṣù kẹsàn-án 2024, síbẹ̀ òun ló ń ṣe adelé títí di ọjọ́ 12 oṣù kejìlá. Àwọn olùkọ́ ń gba owó oṣù, àwọn ọlọ́pàá ń ṣiṣẹ́. Akọ̀wé tó ń yẹ ìwé nọ́ọ̀sì wò, òfin ló ń tẹ̀ lé, kò gbọdọ̀ dúró de ẹgbẹ́ òṣèlú kankan.

Owó tuntun ni ó lè dúró lóòótọ́. Tí ìṣúná kò bá tíì kọjá, ìjọba lè san gbèsè àti owó tó ti wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀, ṣùgbọ́n kò lè dáwọ́ lé nǹkan tuntun. Ìṣúná Thüringen fún 2025, oṣù kẹrin ọdún náà ló tó kọjá. Ẹgbẹ́ aráàlú tó ń retí ìrànwọ́ owó tuntun lè dúró pẹ́ nírú àsìkò bẹ́ẹ̀. Ti ìwé ẹ̀rí kò rí bẹ́ẹ̀.

Nítorí náà, kí àbúrò yín kọ lẹ́tà sí wọn, kó béèrè ohun tó ń dá ìwé náà dúró, kó ní kí wọ́n fèsì lákọsílẹ̀, kó sì tọ́jú ẹ̀dà kan. Tí oṣù mẹ́ta bá kọjá lẹ́yìn tó ti kó gbogbo ìwé rẹ̀ sílẹ̀, tí wọn kò ṣe é, tí wọn kò sì sọ ìdí gidi, òfin fún un láyè láti pè wọ́n lẹ́jọ́ pé wọ́n jókòó ti iṣẹ́. Untätigkeitsklage ni orúkọ ẹjọ́ náà. Mo ti rí i lẹ́nu iṣẹ́ mi tí lẹ́tà tó kàn dárúkọ rẹ̀ lásán jí fáìlì tó ti sùn láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn.

Ó wá ku ọ̀rọ̀ ìbò yín. Nílé, gómìnà là ń dìbò fún tààrà, ojú yẹn la sì fi ń wo tibí. Níbí, kò sẹ́ni tó dìbò fún olórí ìjọba ìpínlẹ̀. Àwọn aṣòfin lẹ yàn, àwọn aṣòfin ló sì ń yan olórí ìjọba. Àga 88 ló wà nínú ilé aṣòfin yín: AfD gba 32, CDU 23, BSW 15, Die Linke 12, SPD 6. Ẹni tó bá fẹ́ ní ọ̀pọ̀, ìyẹn ohun tó ju ìdajì lọ, gbọ́dọ̀ kó 45 jọ. AfD nílò 13 sí i, kò sì sí ẹgbẹ́ tó fẹ́ bá a dòwò pọ̀. Láti 2021 ni àjọ tó ń dáàbò bo òfin ìpìlẹ̀ ní ìpínlẹ̀ náà ti ka ẹ̀ka AfD ti Thüringen sí ẹgbẹ́ aláṣejù apá ọ̀tún nínú òṣèlú, tí ẹ̀rí ti fìdí rẹ̀ múlẹ̀. Kí ẹgbẹ́ kan kọ̀ láti bá òmíràn ṣe, ẹ̀tọ́ rẹ̀ ni, ọ̀pọ̀ oníbò ló sì tìtorí ìkọ̀sílẹ̀ yẹn dìbò fún un. Àwọn tó dìbò fún AfD náà kò sì dìbò lásán: àga 32 ju ìdá kan nínú mẹ́ta lọ, nítorí náà ohunkóhun tó bá nílò ìdá méjì nínú mẹ́ta, irú bí àtúnṣe òfin ìpìlẹ̀, kò lè kọjá bí wọn kò bá fọwọ́ sí i.

Ẹ wá bá mi ro tàwọn yòókù pọ̀. CDU, BSW àti SPD jẹ́ 44. Ìdajì géérégé! Ẹyọ kan ṣoṣo ló kù, ọwọ́ Die Linke ló sì wà, bẹ́ẹ̀ CDU ti ṣèpinnu láti 2018 pé àwọn kò ní bá AfD àti Die Linke da nǹkan pọ̀. Ohun tó jẹ́ kó pẹ́ nìyẹn.

Kí wọ́n tó jókòó ìdúnàádúrà gan-an, wọ́n á kọ́kọ́ yẹ ara wọn wò, bí ìdílé méjì ṣe ń rán alárinà kí wọ́n tó dá ọjọ́ ìdána. Sondierung ni wọ́n ń pè é. Èmi a máa pè é ní mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́. Ní Thüringen, ọ̀rọ̀ ogun Ukraine ló fẹ́ dà á rú níbẹ̀: Sahra Wagenknecht tó dá BSW sílẹ̀ fi dandan lé e pé kí ọ̀rọ̀ àlàáfíà wọ inú àdéhùn, bẹ́ẹ̀ ìpínlẹ̀ kò ní ọmọ ogun, kò sì ní aṣojú nílẹ̀ òkèèrè. Níkẹyìn, ẹgbẹ́ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kọ ọ́ sínú ọ̀rọ̀ ìṣáájú àdéhùn náà pé èrò àwọn kò dọ́gba lórí fífi ohun ìjà ránṣẹ́. Mo gba ti ọ̀nà yẹn: ìjà tí ẹ kò lè parí, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ kó má bàa ba èyí tẹ́ ẹ lè ṣe jẹ́. Lẹ́yìn náà ni wọ́n pín iṣẹ́ ìjọba, tí ètò ìnáwó bọ́ sọ́wọ́ Katja Wolf ti BSW. SPD bi àwọn ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀ léèrè, BSW pe àpérò, kí wọ́n tó tọwọ́ bọ̀wé.

Gbólóhùn kan wà nínú irú ìwé àdéhùn bẹ́ẹ̀ tó kan àwa tá a wá láti òkèèrè. Ìbò mẹ́rin ni Thüringen ní nínú 69 tó wà ní Bundesrat, ilé tí àwọn ìpínlẹ̀ ti ń dá sí òfin gbogbo Jámánì, ojú kan náà ni mẹ́rẹ̀ẹ̀rin sì gbọ́dọ̀ kọ sí. Tí àwọn alájọṣe kò bá fẹnu kò, àdéhùn sábà máa ń ní kí wọ́n má dìbò rárá. Àmọ́ òfin tó bá nílò ìfọwọ́sí ilé náà gbọ́dọ̀ rí 35 kó tó kọjá, torí náà fún irú òfin bẹ́ẹ̀, àìdìbò àti bẹ́ẹ̀ kọ́, ọ̀kan náà ni. Ní oṣù kẹta 2002, àwọn méjì tó jọ ń ṣèjọba ní Brandenburg dáhùn lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ nínú ilé yẹn, ọ̀kan ní bẹ́ẹ̀ ni, èkejì ní bẹ́ẹ̀ kọ́. Òfin ìwọlé àwọn àjèjì ni wọ́n ń dìbò lé lórí. Wọ́n kà á sí pé ó kọjá, ilé ẹjọ́ tó ń ṣọ́ òfin ìpìlẹ̀ sì fagi lé e ní oṣù kejìlá.

Ìkọ̀kọ̀ ni wọ́n ti ń dìbò yan olórí ìjọba, ibẹ̀ sì lẹ̀rù wà. Lẹ́ẹ̀mejì àkọ́kọ́, ọ̀pọ̀ gbogbo ilé ni wọ́n ń wá. Tó bá di ẹ̀ẹ̀kẹta ní Thüringen, ẹni tí ìbò rẹ̀ bá ti pọ̀ jù ló wọlé. Ní ọjọ́ 5 oṣù kejì 2020, Ramelow kò rí ọ̀pọ̀ náà lẹ́ẹ̀mejì. Lẹ́ẹ̀kẹta, Thomas Kemmerich ti FDP jáde, ẹgbẹ́ tó ní àga 5 péré nínú 90. AfD ní olùdíje tirẹ̀, àmọ́ ìbò tí ìyẹn rí kò ju òdo lọ. Gbogbo rẹ̀ ti lọ sọ́dọ̀ Kemmerich: 45 sí 44. Susanne Hennig-Wellsow ti Die Linke gbé òdòdó tó yẹ kó fi kí i, ó jù ú sílẹ̀ níwájú ẹsẹ̀ rẹ̀, ó sì yí padà. Ọjọ́ 8 oṣù náà ni Kemmerich kọ̀wé fipò sílẹ̀, oṣù tó tẹ̀ lé e ni wọ́n sì dá Ramelow padà.

Ohun tí gbogbo ilé ń bẹ̀rù ní 2024 nìyẹn, tí wọ́n fi rọra ṣe é. Nígbà tí wọ́n ka ìbò ní ọjọ́ 12 oṣù kejìlá, Mario Voigt ti CDU ní 51 lẹ́ẹ̀kan náà. Ìbò méje ló fi ju 44 ti ẹgbẹ́ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lọ. Kò sí ohun tó lè sọ orúkọ àwọn tó di méje yẹn, torí ìkọ̀kọ̀ ni.

Ẹ bá mi bi àbúrò yín léèrè ọjọ́ tó fi ìwé ìbéèrè rẹ̀ sílẹ̀, àti ọjọ́ tí ìwé tó kù dé ọwọ́ wọn. Ibẹ̀ la ó ti bẹ̀rẹ̀ sí í ka oṣù mẹ́ta náà.