Bí etí ewé òdòdó funfun yín bá ń jó, omi ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ wò

Ẹ kú iṣẹ́ o, Àǹtí. Ẹ ní òdòdó funfun tó máa ń so rọ̀ wálẹ̀, èyí tí àwọn olódòdó ń pè ní Bridal Veil, wà lọ́gbà yín ní Ajah. Ẹ ní etí ewé rẹ̀ ń jó, kò sì tíì tanná rí, olódòdó wá ní kẹ́ ẹ ra ajílẹ̀ sí i. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì náwó. Mo ń tọ́jú ọ̀kan ní Surulere, mo tún ń bá àbúrò mi tọ́jú tirẹ̀ ní Lekki. Ara igi kan náà la ti gé méjèèjì, ṣùgbọ́n ìyà tó ń jẹ wọ́n ò jọra rárá.

Ẹ wo ewé yẹn dáadáa. Bó bá jẹ́ oòrùn ló jó o, ojú ewé tó kọjú sí oòrùn ló máa ń ṣí, á funfun bálabàla kó tó gbẹ. Bó bá jẹ́ iyọ̀, láti ṣóńṣó ló ti ń bẹ̀rẹ̀, á máa gba etí ewé lọ, ewé ìsàlẹ̀ tó ti gbó ló sì máa ń kọ́kọ́ hàn lára rẹ̀. Ohun tẹ́ ẹ ṣàlàyé yẹn, iyọ̀ ni. Láti Victoria Island dé ọ̀dọ̀ yín, àárín òkun àti ọ̀sà la tẹ̀dó sí, omi òkun sì ti wọnú omi abẹ́ ilẹ̀ níbi púpọ̀. Ẹnu lè má mọ̀ pé iyọ̀ wà nínú omi borehole, gbòǹgbò á mọ̀. Tẹ́ ẹ bá ń fi irú omi bẹ́ẹ̀ rin ín nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, oòrùn á fa omi lọ, iyọ̀ á jókòó. Bó bá yá, ilẹ̀ á tutù, gbòǹgbò ò sì ní rí omi fà. Ajílẹ̀ inú àpò tí wọ́n ń tà, oríṣi iyọ̀ lòun náà. Ṣé ẹ rí ìdí tí mo fi ní kẹ́ ẹ má rà á?

Ohun tó gba ti àbúrò mi là ni omi òjò. Dúrọ́ọ̀mù méjì ló gbé sábẹ́ òrùlé, ó sì ń fi ìdérí dé wọn kí ẹ̀fọn má bàa yé ẹyin síbẹ̀. Kí òjò tó dé, ẹ da omi tí kò níyọ̀ sí ìdí rẹ̀ lọ́pọ̀lọpọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, kó lè wẹ iyọ̀ lọ sísàlẹ̀. Omi mẹ́rúwà lè ṣe é, ṣùgbọ́n ẹ kọ́kọ́ bi í léèrè ibi tó ti pọn ọ́n, torí ó lè jẹ́ borehole àdúgbò yín náà ni.

Ilẹ̀ ńkọ́? Yanrìn tí wọ́n fi kún àbàtà kì í dá omi dúró. Ẹ gbẹ́ ihò tó fẹ̀, ẹ po ilẹ̀dú àti ìgbẹ́ màlúù tó ti jẹrà dáadáa mọ́ yanrìn náà, kẹ́ ẹ fi ewé gbígbẹ bo ìdí rẹ̀. Ìgbẹ́ adìẹ tútù á jó o. Ní Surulere tèmi, òdìkejì ni: àgbàrá oṣù kẹfà máa ń dúró sílẹ̀, gbòǹgbò á fẹ́ rà, ìdí nìyẹn tí mo fi kó ilẹ̀ jọ bí ebè kí n tó gbìn ín.

Abẹ́ igi ńláńlá nínú igbó Íńdíà dé gúúsù Ṣáínà ni Bridal Veil yìí, tí orúkọ sáyẹ́ǹsì rẹ̀ ń jẹ́ Clerodendrum wallichii, ti wá, nítorí náà oòrùn àárọ̀ ló fẹ́, kó rí ibòòji lọ́sàn-án. (Ẹ má pa á pọ̀ mọ́ ẹbí rẹ̀, Clerodendrum thomsoniae, èyí tó ń fà, tó ní funfun àti pupa. Ọmọ ilẹ̀ wa nìyẹn, ìyàwó míṣọ́nnárì kan ní Calabar ni wọ́n fi sọ orúkọ rẹ̀.)

Ti òdòdó tí kò yọ, mo fura sí ẹni tó ń gé ọgbà yín. Orí ẹ̀ka tuntun ló ti ń tanná, tèmi sì máa ń tanná lẹ́yìn òjò, nígbà tí ọyẹ́ ń bọ̀. Ọmọkùnrin tó ń gé ọgbà ilé wa fẹ́ kí ilé dára fún Kérésì, ló bá gé e ní gígùn-ún-régé bí àpótí ní oṣù kẹwàá. A ò rí òdòdó kan lọ́dún yẹn. Lẹ́yìn tó bá ti tanná tán ni kẹ́ ẹ gé e, kí òjò tó bẹ̀rẹ̀. Bí òdòdó funfun náà bá ti já, èèpo pupa tó wà nídìí òdòdó á ṣì so rọ̀ síbẹ̀ fún ìgbà díẹ̀. Ẹ fi í sílẹ̀, ẹwà rẹ̀ kejì nìyẹn, lójú tèmi ó tilẹ̀ ju àkọ́kọ́ lọ.

Tẹ́ ẹ bá rí èèrà tó ń gun igi náà, ẹ yẹ abẹ́ ewé wò fún kòkòrò funfun bí òwú. Omi ọṣẹ ní ìrọ̀lẹ́ á ká a kúrò, kẹ́ ẹ sì tún un ṣe lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e.

Ewé tó ti jó ò ní padà tutù o. Àwọn tó ń yọ lókè ni kẹ́ ẹ máa wò: bí etí wọn bá mọ́ títí wọ́n fi gbó, omi yín ti dára nìyẹn.